Ìgbéyàwó Nítorí Ọrọ̀: Ọ̀ràn Àìná Forbes Bonetta, 1862

Ìgbéyàwó tí àwọn àgbà ṣètò nítorí owó jẹ́ kókó kan tí ó gbilẹ̀ nínú eré sinimá aláìlóhùn. Ọdún 1903 ni sinimá kọ́kọ́ dé Gbọ̀ngàn Glover ní Èkó. Ṣùgbọ́n láti ọdún 1862 ni irú ìtàn bẹ́ẹ̀ ti ṣẹlẹ̀ lójú ayé sí ọmọ Yorùbá kan.

Òkè-Ọ̀dàn nílẹ̀ Ẹ̀gbádò ni Àìná ti wá. Ogun Dàhọ̀mì fọ́ ìlú náà ní 1848, àwọn òbí rẹ̀ bá ogun lọ, wọ́n sì kó òun lẹ́rú. Ní 1850, Ọba Gẹ̀zò fi í ta Ọbabìnrin Victoria lọ́rẹ nípasẹ̀ Frederick Forbes, ọ̀gá ọkọ̀ ojú omi Bonetta. Ọbabìnrin ni ó ń gbọ́ bùkátà rẹ̀.

Nígbà tí ó tó ilé ọkọ lọ, J. P. L. Davies wá tọrọ rẹ̀. Oníṣòwò ọlọ́rọ̀ ní Èkó ni, ọmọ Yorùbá tí a bí ní Sàró, ìyàwó rẹ̀ àkọ́kọ́ sì ti kú. Àìná kọ̀. Wọ́n fi í sọ́dọ̀ àwọn ìyá àgbà méjì ní Brighton kí ó lè yí ọkàn padà. Nínú lẹ́tà tí ó kọ sí Ìyáàfin Schoen, ó ní òun mọ̀ pé àwọn ènìyàn yóò máa tọ́ka sí ọrọ̀ ọkùnrin náà, ṣùgbọ́n òun kò ní fi ìfọ̀kànbalẹ̀ òun gba owó. Síbẹ̀, ní ọjọ́ 14 oṣù Ògọ́sì 1862, a so wọ́n pọ̀ ní ṣọ́ọ̀ṣì St. Nicholas.

Kì í ṣe pé ilẹ̀ Yorùbá kò mọ ìgbéyàwó tí òbí ṣètò. Ẹbí ni í ṣe ìwádìí, alárinà ni í lọ tí í bọ̀. Ṣùgbọ́n bí ilé ọkọ bá le mọ́ obìnrin, ilé baba rẹ̀ ń bẹ. Ó lè di dálémosú. Ààfin gba iṣẹ́ ẹbí ṣe fún Àìná, ṣùgbọ́n ilé baba tí ì bá padà sí ti parun ní Òkè-Ọ̀dàn.

Ọrọ̀ náà pàápàá kò dúró. Láàrin 1870 sí 1880, gbèsè wọ Davies lọ́rùn, òwò rẹ̀ sì dojú dé. Ikọ́ ẹ̀gbẹ pa Àìná ní Madeira ní oṣù Ògọ́sì 1880. Oko kòkó Davies ní Ìjọn, nítòsí Agége, ni ó tún gbé e dìde. Níbẹ̀ ni ó mọ ọwọ̀n ìrántí sí fún aya rẹ̀. Aya náà kò bá a jẹ nínú ọrọ̀ tuntun yìí.