Ọkọ́, Eku àti Ọwọ́: Ìtàn Máòsì Kọ̀ǹpútà àti Bí Ó Ṣe Yẹ Kí A Máa Yàn Án

Mo mọ̀ pé yóò ya àwọn kan nínú yín lẹ́nu pé olùkọ́ lítíréṣọ̀, tí iṣẹ́ rẹ̀ jẹ́ ewì àti ìtàn àròsọ, dìde láti sọ̀rọ̀ lórí máòsì, ohun èlò kékeré tí a fi ń darí kọ̀ǹpútà. Èmi kì í ṣe onímọ̀ ẹ̀rọ. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ tí mo gbé wá ní ìtàn nínú, ó ní èdè nínú, ó sì kan àwọn ọmọ tí a ń tọ́ ní àwọn abúlé tí ó yí Ìbàdàn ká. Ìdí nìyí tí mo fi ní kí a jọ gbé e yẹ̀ wò.

Irú Eku Wo?

Ẹ jẹ́ kí a bẹ̀rẹ̀ láti ibi orúkọ. Àwọn tí ó ṣe ohun èlò yìí ní Amẹ́ríkà wò ó, wọ́n rí i pé ara rẹ̀ kéré, wáyà kan sì yọ lára rẹ̀ bí ìrù. Wọ́n sọ ọ́ ní eku. Láàrin wa, àwọn kan ń pè é ní máòsì, àwọn mìíràn ń pè é ní eku kọ̀ǹpútà. Nígbà tí àbúrò bàbá mi kan, tí ń dáko ní ọ̀nà Ìjàyè, gbọ́ orúkọ kejì yìí lẹ́nu mi, ohun tí ó kọ́kọ́ bi mí ni pé, "Irú eku wo nìyẹn, ọmọ mi?" Ẹ̀rín pa gbogbo wa. Ṣùgbọ́n nígbà tí mo délé, tí mo tún un rò, mo rí i pé ìbéèrè ọlọ́gbọ́n ni. Eku kì í ṣe ẹyọ kan lójú ará oko. Òkété yàtọ̀ sí ẹmọ́, ẹmọ́ yàtọ̀ sí asín, asín kì í sì í ṣe èkúté ilé. Ihò wọn kò rí bákan náà, bẹ́ẹ̀ ni a kì í dẹ pàkúté kan náà fún gbogbo wọn. Àwa tí a pe ara wa ní ọ̀mọ̀wé ni a ń wọ ọjà, tí a ń sọ pé kí wọ́n fún wa ní máòsì kan, láìbéèrè irú èyí tí ó jẹ́.

Ní Ilé Alágbẹ̀dẹ

Bàbá yìí kan náà ni ó kọ́ mi ní ohun tí mo fẹ́ fi ṣe ìpìlẹ̀ ọ̀rọ̀ mi lónìí. Nígbà tí mo wà lọ́mọdé, ó mú mi lọ sí ilé alágbẹ̀dẹ láti ra ọkọ́. Mo rò pé kò ju kí a sanwó kí a sì máa lọ. Bàbá kò sanwó. Ó mú ọkọ́ kan, ó di ẹrúkọ́ rẹ̀ mú, ó bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó ṣe bí ẹni ń kọ ebè, ó sì gbé e sílẹ̀. Ó mú òmíràn. Alágbẹ̀dẹ bi í bóyá ebè iṣu ni ó fẹ́ fi kọ tàbí koríko ni ó fẹ́ fi ro, nítorí ọkọ́ ebè a máa gbòòrò, a sì máa wúwo ju ti ìroko lọ. Ó tún bi í bóyá òkúta pọ̀ nínú ilẹ̀ náà. Lẹ́yìn èyí ni ọ̀rọ̀ owó tó wọlé. Èmi náà na ọwọ́ sí ọkọ́ tí bàbá yàn, n kò lè gbé e dáadáa. Ó rẹ́rìn-ín, ó ní kí alágbẹ̀dẹ wá kékeré kan fún mi. Àwọn àgbà kúkú ti sọ ọ́ pé ọwọ́ ọmọdé kò tó pẹpẹ, ti àgbàlagbà kò wọ kèrègbè.

Bí a bá wo ohun tí ó ṣẹlẹ̀ ní ọjọ́ náà dáadáa, a óò rí i pé ìbéèrè mẹ́ta ni bàbá àti alágbẹ̀dẹ dáhùn kí owó tó jáde: ọwọ́ ta ni yóò dì í mú, iṣẹ́ wo ni yóò ṣe, àti pé orí ilẹ̀ wo ni yóò ti ṣe é. Ìbéèrè mẹ́ta yìí ni a óò mú wọ inú ìtàn máòsì.

Bí Eku Ṣe Dé Ayé

Douglas Engelbart ni ó ronú kan máòsì ní ilé ìwádìí tí a ń pè ní Stanford Research Institute, ní ìpínlẹ̀ California. Ní ọdún 1964, ẹlẹgbẹ́ rẹ̀, Bill English, fi igi ṣe àkọ́kọ́ rẹ̀. Àpótí kékeré kan ni, tí ó ní bọ́tìnnì kan ṣoṣo lórí àti ẹsẹ̀ kẹ̀kẹ́ méjì nísàlẹ̀. Ọ̀kan ń yí bí ọwọ́ bá lọ síwájú tàbí sẹ́yìn, èkejì ń yí bí ọwọ́ bá lọ sọ́tùn-ún tàbí sósì.

Wọn kò kàn pàṣẹ pé eku ni gbogbo ayé gbọ́dọ̀ lò. Wọ́n kó oríṣiríṣi irinṣẹ́ jọ: kálàmù oníná tí a ń nà sí ojú kọ̀ǹpútà, ọ̀pá ìdarí kékeré, àti ohun kan tí a ń fi orúnkún darí lábẹ́ tábìlì. Wọ́n ní kí àwọn ènìyàn dán wọn wò, bí bàbá mi ṣe dán ọkọ́ wò. Ní ọdún 1967 ni wọ́n tẹ àbájáde rẹ̀ jáde. Lọ́wọ́ àwọn tí ó ti mọ̀ ọ́n lò, eku ni ó yá jù, tí àṣìṣe rẹ̀ sì kéré jù. Ṣùgbọ́n àwọn tí kò lò ó rí ṣe dáadáa pẹ̀lú kálàmù oníná àti ohun tí a ń fi orúnkún darí ju bí wọ́n ti ṣe pẹ̀lú eku lọ. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ fi èyí sọ́kàn. Àwọn tí ó dá eku sílẹ̀ gan-an ni ó jẹ́rìí pé ọwọ́ tí ó ti mọ́ lára ni ó ń jẹ àǹfààní rẹ̀.

Ní ọjọ́ 9 oṣù Kejìlá ọdún 1968, Engelbart fi máòsì han àwùjọ ńlá kan ní San Francisco. Àwọn àgbà tí ó wà níhìn-ín kò lè gbàgbé ọdún 1968. Ọdún yẹn ni ìjà Àgbẹ́kọ̀yà bẹ́ sílẹ̀, nígbà tí àwọn àgbẹ̀ Àkànrán àti agbègbè rẹ̀ kọ̀ láti san owó orí tí ó wọ̀ wọ́n lọ́rùn. Ìṣẹ̀lẹ̀ méjèèjì kò mọ ara wọn rí. Mo dárúkọ wọn pọ̀ kí a lè rántí pé nígbà tí a ń bí irinṣẹ́ yìí lọ́hùn-ún, kò sí ẹni tí ó ń ro ọwọ́ àwọn ọmọ Àkànrán mọ́ ọn.

Láti ìgbà náà ni eku ti ń pa àwọ̀ dà. Ní ọdún 1968 yìí kan náà ni ilé iṣẹ́ Telefunken ní Jámánì gbé irú tirẹ̀ jáde, tí ó ń fi bọ́ọ̀lù yí dípò ẹsẹ̀ kẹ̀kẹ́. Ní ọdún 1973, ilé iṣẹ́ Xerox lo máòsì pẹ̀lú kọ̀ǹpútà wọn tí ń jẹ́ Alto. Ní ọdún 1984, Macintosh ti ilé iṣẹ́ Apple gbé e dé ọ̀dọ̀ ọ̀pọ̀ ènìyàn. Ní nǹkan bí ọdún 1980, àwọn méjì tí wọn kò ṣiṣẹ́ pọ̀, Richard Lyon àti Steve Kirsch, ti ṣe eku tí ń fi ìmọ́lẹ̀ ríran, ṣùgbọ́n orí ẹní pàtàkì tí a ya àmì sí nìkan ni ó ti lè ṣiṣẹ́. Ní ọdún 1999 ni ilé iṣẹ́ Microsoft mú irú rẹ̀ tí kò nílò ẹní bẹ́ẹ̀ wá sí ọjà. Ní ti wáyà, Logitech ti gé ìrù eku láti ọdún 1991, tí ó ń fi ìgbì rédíò bá kọ̀ǹpútà sọ̀rọ̀.

Eku àti Ilẹ̀ Rẹ̀

Ẹ jẹ́ kí a wá gbé ìbéèrè alágbẹ̀dẹ ka iwájú àwọn eku wọ̀nyí. Ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ wo ilẹ̀. Eku oníbọ́ọ̀lù kò bá ilẹ̀ wa mu rárá. Bọ́ọ̀lù inú rẹ̀ ń fara kan àwọn ọ̀pá tẹ́ẹ́rẹ́, ohun yòówù tí ó bá sì ti orí tábìlì gbé ni yóò lẹ̀ mọ́ wọn. Ní àkókò ọ̀yẹ́, tí eruku ọ̀nà Ìyànà-Ọ̀fà ń wọlé láti ojú fèrèsé, a máa ń tú ikùn rẹ̀ bí ẹni ń tún eku ìgbẹ́ ṣe, a ó sì máa fi èékánná ha ìdọ̀tí kúrò. Eku oníná kò ní ìyọnu yìí. Kámẹ́rà kékeré kan wà nínú rẹ̀ tí ń ya àwòrán orí tábìlì lọ́pọ̀ ìgbà láàrin ìṣẹ́jú àáyá kan. Bí àwòrán bá ti ń yí padà ni ó fi ń mọ ibi tí ọwọ́ lọ. Nítorí náà, kò fẹ́ orí gíláàsì tàbí tábìlì tí ń dán bíi dígí, nítorí kò rí ohun tí yóò dì mú níbẹ̀. Bébà funfun lásán, bí a bá tẹ́ ẹ sábẹ́ rẹ̀, ti tó láti tún ọ̀ràn náà ṣe.

Eku aláìní-wáyà dára fún ẹni tí ń rin ìrìn àjò. Ṣùgbọ́n ó ń jẹ bátìrì, irin kékeré tí a ń kì bọ kọ̀ǹpútà fún un kò sì ju èékánná lọ. Bí ó bá sọnù, eku di òkú eku. Fún yàrá tí ogún ọmọ ti ń kẹ́kọ̀ọ́, èyí tí ó ní ìrù ni mo fara mọ́. Irú kan tún wà tí bọ́ọ̀lù rẹ̀ wà lókè. Àpótí rẹ̀ kì í kúrò lójú kan, ìka ni ń yí bọ́ọ̀lù náà. Òun gan-an ni ó dàgbà jù nínú ìran náà, nítorí àwọn ẹlẹ́rọ Kánádà ti ṣe irú rẹ̀ fún ọmọ ogun ojú omi wọn ní ọdún 1952. Ó wúlò níbi tí tábìlì bá há. Irú mìíràn dúró lóòró, tí a ń dì í mú bí ẹni ń bọ ènìyàn lọ́wọ́, kí ọrùn ọwọ́ má baà lọ́.

Ní ti ọwọ́, èyí tí ó tóbi yóò rẹ ọmọdé, èyí tí ó kéré jù yóò sì ká ìka àgbàlagbà kò. Ohun kan tún wà tí a kì í fẹ́ sọ. Àwọn baba wa ní ẹnìkan kì í fi ọwọ́ òsì júwe ilé baba rẹ̀, iṣẹ́ ìjúwe gan-an sì ni máòsì ń ṣe. Ọ̀pọ̀ ọmọ tí Ọlọ́run dá ní ọlọ́wọ́ òsì ni a ti fi ipá mú láti lo ọ̀tún. Èmi kò rò pé àwọn baba wa ní eku kọ̀ǹpútà lọ́kàn. Bí a bá ra èyí tí ìhà rẹ̀ méjèèjì dọ́gba, a lè pààrọ̀ iṣẹ́ àwọn bọ́tìnnì rẹ̀ nínú kọ̀ǹpútà fún ọmọ bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n èyí tí a gbẹ́ fún ọwọ́ ọ̀tún nìkan kò ní àtúnṣe.

Ọmọ Oko àti Ìdánwò

Mo wá dé ibi tí bàtà ti ń ta mí lẹ́sẹ̀. Àjọ JAMB, tí ń ṣe ìdánwò àṣewọlé sí yunifásítì, bẹ̀rẹ̀ sí lo kọ̀ǹpútà ní ọdún 2013, ó sì pa ìdánwò orí bébà tì ní ọdún 2015. Ní ọdún 2016, ọmọ ẹ̀gbọ́n mi kan, tí òun àti ìyá rẹ̀ ń gbé ní abúlé kan ní Lágelú, lọ ṣe ìdánwò yìí. Ó mọ ìwé. Ṣùgbọ́n ọjọ́ náà ni ó kọ́kọ́ fọwọ́ kan máòsì. Ó gbé e sókè, ó nà án sí ojú kọ̀ǹpútà bí ẹni tan tọ́ọ̀ṣì. Nígbà tí wọ́n sọ fún un pé orí tábìlì ni a ń fà á, tábìlì ń dán, ọfà kékeré inú kọ̀ǹpútà sì ń fò kiri. Ó ní òun mọ ìdáhùn, ọwọ́ òun ni kò lè gbé òun débẹ̀. Kò wọlé ní ọdún náà. N kò lè búra pé máòsì nìkan ni ó fà á. Ṣùgbọ́n n kò tún lè búra pé ọpọlọ rẹ̀ ni wọ́n dán wò ní wákàtí àkọ́kọ́ yẹn.

Ẹ rántí àbájáde ọdún 1967. Ohun tí ó ṣẹlẹ̀ sí ọmọ yìí, àwọn tí ó dá eku sílẹ̀ ti rí i lára àwọn tí kò lò ó rí ní nǹkan bí ọdún 50 ṣáájú. Inú mi dùn nígbà tí JAMB kéde ní ọdún 2017 pé akẹ́kọ̀ọ́ lè ṣe ìdánwò náà láìfọwọ́ kan máòsì. Lẹ́tà mẹ́jọ péré ni yóò tẹ̀: A, B, C àti D láti mú ìdáhùn, N láti lọ síwájú, P láti padà sẹ́yìn, S láti fi iṣẹ́ sílẹ̀, àti R láti yí ìpinnu padà. Ọmọ wa fi àwọn lẹ́tà wọ̀nyí dánra wò, ó sì wọlé.

Kí a má ṣe rò pé ọmọ oko nìkan ni ọ̀ràn yìí kàn. Fún ọ̀pọ̀ ọdún, máòsì ni èmi fi ń wá gbogbo ẹ, ọ, ṣ àti àmì ohùn nínú àtẹ àmì, ní ọ̀kọ̀ọ̀kan, títí ọrùn ọwọ́ mi fi bẹ̀rẹ̀ sí ro mí. Mo ra eku kan, mo ra òmíràn, ìrora kò lọ. Akẹ́kọ̀ọ́ mi kan ni ó fi hàn mí pé a lè ṣètò pátákó ìtẹ̀wé kí ó máa tẹ àwọn àmì Yorùbá fúnra rẹ̀. Bí òkété bá dàgbà tán, ọmú ọmọ rẹ̀ ní í mu. Ìbéèrè kejì ti alágbẹ̀dẹ, iṣẹ́ wo ni, ni n kò bi ara mi láti ìbẹ̀rẹ̀. Iṣẹ́ tí mo gbé fún eku kì í ṣe iṣẹ́ eku.

Ìkádìí

Ohun tí mo ń bẹ̀bẹ̀ fún kò pọ̀. Ẹ̀yin tí ẹ ń ra kọ̀ǹpútà fún ilé ẹ̀kọ́ ní Akínyẹlé, Lágelú, Ẹ̀gbẹ́dá àti Ọ̀nà-Àrà, ẹ má ṣe ra eku láìjẹ́ kí ọwọ́ ọmọ kan dì í mú. Ẹ ra èyí tí ó ní wáyà, tí ó ń fi ìmọ́lẹ̀ ríran, tí ìhà rẹ̀ méjèèjì sì dọ́gba. Ẹ tẹ́ bébà sábẹ́ rẹ̀. Ẹ kọ́ àwọn ọmọ ní lẹ́tà mẹ́jọ náà, ṣùgbọ́n ẹ má ṣe torí rẹ̀ gba eku lọ́wọ́ wọn, nítorí ìdánwò yóò parí, iṣẹ́ ayé kò ní parí. Kí ọjọ́ ìdánwò má sì jẹ́ ọjọ́ tí wọn yóò kọ́kọ́ rí i.

Bàbá mi ní ọ̀nà Ìjàyè ti darúgbó báyìí, kò sì ní lo kọ̀ǹpútà láéláé. Síbẹ̀, bí ẹnikẹ́ni nínú yín bá fẹ́ ra máòsì lọ́la, ìbéèrè rẹ̀ ni kí ẹ kọ́kọ́ bi ẹni tí ń tà á: irú eku wo?