Gbígbọ́ Tẹnu Onígbèsè: Ìlànà Ìgbẹ́jọ́ nínú Gbígba Owó Ẹgbẹ́ Aláfọwọ́sowọ́pọ̀

Ìbéèrè kan ṣoṣo ni mo fẹ́ gbé yẹ̀ wò: bí ọmọ ẹgbẹ́ kò bá san owó tí ó yá, ta ni ó yẹ kí ó dá ẹjọ́ rẹ̀, báwo ni ó sì ṣe yẹ kí a dá a? Àwọn kan gbà pé amòfin òyìnbó ni ó kọ́ wa láti gbọ́ tẹnu ẹni méjèèjì. Èmi kò gbà bẹ́ẹ̀. Kí òyìnbó tó dé ni àwọn baba wa ti ń sọ pé agbẹ́jọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà.

Ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ wo ológò. Samuel Johnson, nínú ìwé ìtàn Yorùbá tí ó kọ parí ní 1897, tí a sì tẹ̀ jáde ní 1921, ṣàlàyé bí ológò ṣe ń wọ ilé onígbèsè, tí yóò jókòó tì í, tí yóò sì máa yọ gbogbo ará ilé lẹ́nu títí wọn yóò fi wá owó náà san. Ìyà ńlá ni. Síbẹ̀, Johnson kan náà ni ó kọ ọ́ pé olówó ní láti ti kọ́kọ́ gba ìdájọ́, kí ó sì tọ àwọn aláṣẹ ìlú lọ, kí ó tó lè rán ológò. Ìdájọ́ ni ó ṣáájú, ògò ni ó tẹ̀ lé e.

Ìlànà mìíràn bá ẹgbẹ́ aláfọwọ́sowọ́pọ̀ wọlé. Ní 1934 ni C. F. Strickland, tí ó ti ṣe irú iṣẹ́ yìí ní Íńdíà, jábọ̀ ìwádìí rẹ̀ fún ìjọba Nàìjíríà. Ní 1935 ni òfin jáde. A dá Báǹkì Aláfọwọ́sowọ́pọ̀ sílẹ̀ ní Ìbàdàn ní 1953. Ó sì darapọ̀ mọ́ àwọn báǹkì mìíràn ní 2006. Jámánì ni gbòǹgbò ọ̀rọ̀ náà wà, lọ́dọ̀ F. W. Raiffeisen, ní ọ̀rúndún 19. Nínú irú ẹgbẹ́ bẹ́ẹ̀, gbogbo ọmọ ẹgbẹ́ ni onídùúró ara wọn. Gbèsè tí ẹnìkan kò san, ọrùn àwọn yòókù ni ó ń bọ́ sí.

Ibi tí agbára ẹgbẹ́ wà yìí náà ni ewu ìdájọ́ wà. Bí ìpàdé ẹgbẹ́ bá jókòó lórí ọ̀rọ̀ onígbèsè, kò sí ẹni tí ó jókòó níbẹ̀ tí àpò rẹ̀ kò sí nínú ẹjọ́ náà. Nítorí náà ni òfin ṣe gbé irú àríyànjiyàn bẹ́ẹ̀ lọ sọ́dọ̀ Rẹ́jísírà, tí òfin 1993 pè ní Olùdarí: kí ó dá a fúnra rẹ̀, tàbí kí ó yan onílàjà. Èyí yá, kò sì ná àgbẹ̀ ní owó lọ́yà. Ṣùgbọ́n òṣìṣẹ́ yìí kan náà ni ó ń forúkọ ẹgbẹ́ sílẹ̀, tí ó sì ń bojú tó o. Bí ẹgbẹ́ bá wó, a ó bi í léèrè. Kò jìnnà tó sí ọ̀rọ̀ náà bí ó ti yẹ kí adájọ́ jìnnà.

Ẹnìkan lè wí pé gbèsè kì í ṣe ohun àríyànjiyàn, nítorí ó wà nínú ìwé. Ẹ jẹ́ kí a rántí pé ẹgbẹ́ ni ó ń bá ọ̀pọ̀ àgbẹ̀ ta kòkó, tí ó sì ń yọ owó ẹ̀yáwó nínú owó kòkó náà. Bí akọ̀wé bá gbàgbé láti kọ ohun tí ó yọ sílẹ̀, ìwé kò lè sọ ọ́. Ẹnu onígbèsè nìkan ni a ti lè gbọ́ ọ. A kò gbọ́ tirẹ̀ láti fi ṣàánú rẹ̀; a gbọ́ ọ kí a lè mọ iye tí ó jẹ gan-an.

Ìwé Òfin Ìlú ti 1979, ní abala 33, àti ti 1999, ní abala 36, fún olúkúlùkù ní ẹ̀tọ́ sí ìgbẹ́jọ́ tí kò ní ojúsàájú. Ohun mẹ́ta ni mo rí pé ẹ̀tọ́ yìí ń béèrè níhìn-ín: kí a fi iye owó àti ọjọ́ ìgbẹ́jọ́ tó onígbèsè létí ní èdè tí ó gbọ́, kí a pe onídùúró rẹ̀ pẹ̀lú, nítorí òun náà lè pàdánù oko, kí ẹni tí yóò dájọ́ má sì jẹ́ ẹni tí ó buwọ́ lu ẹ̀yáwó náà.

Èmi kò bẹ̀bẹ̀ fún ẹni tí ó ní owó lọ́wọ́ tí kò fẹ́ san. Gbèsè yẹ ní sísan. Ṣùgbọ́n ẹgbẹ́ tí ó gba oko ọmọ rẹ̀ láìgbọ́ tẹnu rẹ̀ ti ṣe ohun tí olówó ayé àtijọ́, fún gbogbo ariwo ológò rẹ̀, kò ní àṣẹ láti ṣe.