Igi Ta Ni? Ẹjọ́ Igbó Ìjọba láti Olókèmejì dé Pápálántò

Pápálántò ni ọ̀nà Ìlaròó ti já sí títì Èkó sí Abẹ́òkúta, ibẹ̀ ni ọkọ̀ tó bá kó gẹdú láti igbó Yewa máa ń gbà kọjá. Bí wọ́n bá dá irú ọkọ̀ bẹ́ẹ̀ dúró, ọ̀rọ̀ méjì péré ló máa ń jáde. Ẹ̀ṣọ́ igbó á ní igi ìjọba ni. Onígẹdú á ní igbó bàbá àwọn ni. Ọ̀rọ̀ méjèèjì ti dàgbà ju àwa àti àwọn òbí wa lọ.

Láyé àtijọ́, ẹni tó ni ilẹ̀ ló ni igi orí rẹ̀, ìdílé ló sì ni ilẹ̀. Àlejò tó bá fẹ́ gé ìrókò á lọ bá olórí ẹbí. Bí ìjà bá ṣẹlẹ̀, iwájú baálẹ̀ ni wọ́n á gbé e lọ.

Rọ́bà ló da nǹkan rú. Lọ́dún 1895, rọ́bà tó gba èbúté Èkó kọjá lé ní mílíọ̀nù 5 pọ́n-ùn. Igi ìrẹ́ inú igbó ni wọ́n ń kọ lára láti gba oje rẹ̀, wọ́n sì kọ ọ́ débi pé ó ń kú lórí ìdúró. Kò pẹ́ tí òwò náà fi wó. Ìjọba ní àwọn ni yóò máa ṣọ́ igbó. Lọ́dún 1899 wọ́n pààlà sí igbó Olókèmejì, láàárín Abẹ́òkúta àti Ìbàdàn, igbó ọba àkọ́kọ́ ní Nàìjíríà. Nígbà tí Gómìnà MacGregor ṣe òfin igbó fún Èkó lọ́dún 1902, àwọn ọ̀mọ̀wé Èkó bínú, wọ́n ní ilẹ̀ ni wọ́n fẹ́ fi ọgbọ́n gbà. A kò rò pé wọ́n ṣàṣejù.

Ẹ̀gbá ní ìjọba tirẹ̀ nígbà náà, láti 1898. Àdéhùn ọdún 1914 ló fòpin sí i, òfin igbó ọdún 1916 sì kan gbogbo Nàìjíríà. (Ogun Àdùbí ọdún 1918, tí wọ́n tú ojú irin, kì í ṣe tìtorí igi. Owó orí, iṣẹ́ ipá àti kóòtù tuntun ló fà á. Ṣùgbọ́n ẹ kíyè sí kóòtù yẹn: ẹni tó ń dájọ́ fún ni ti yí padà.)

Lọ́dún 1921, Olóyè Olúwa, Àmọ́dù Tìjání, borí ìjọba ní Ìgbìmọ̀ Ọba ní Lọ́ńdọ̀nù lórí ilẹ̀ Àpápá. Ilé ẹjọ́ gbà pé ilẹ̀ jẹ́ ti ẹbí àti ìlú. Ẹ ò bá rò pé ọ̀rọ̀ parí. Òfin igbó gba ẹ̀yìn yọ. Ìjọba á kéde pé òun fẹ́ fi igbó kan ṣe ìpamọ́, òṣìṣẹ́ kan á jókòó gbọ́ ẹni tó bá ní ẹ̀tọ́ níbẹ̀, ẹ̀tọ́ ẹni tí kò bá yọjú á sì kú síbẹ̀. Ẹ fojú inú wo àgbẹ̀ tí kò mọ̀wé, kí ìkéde sì wà nínú Gàsẹ́ẹ̀tì lédè Gẹ̀ẹ́sì. Ọmọ-ọmọ rẹ̀ ni wọ́n ń pè ní olè lónìí.

Ìpínlẹ̀ Ògùn jogún irú igbó bẹ́ẹ̀ mẹ́sàn-án lọ́dún 1976: Olókèmejì, Ìlaròó, Ọmọ àti àwọn yòókù. Òfin ilẹ̀ ọdún 1978 tún gbé ilẹ̀ ìpínlẹ̀ sí ìkáwọ́ gómìnà. Síbẹ̀ kì í rọrùn láti fìdí ẹjọ́ múlẹ̀. Ibo gan-an ni wọ́n ti gé igi náà? Ṣé àmì òòlù ìjọba wà lára ìtì? Ìwé àṣẹ ńkọ́? Tí igi bá ti di pákó, ta ló fẹ́ mọ ẹsẹ̀ tó ti wá? Lójú tiwa, awakọ̀ àti lágégi ló máa ń dúró síwájú adájọ́. Ẹni tó rán wọn níṣẹ́ wà nílé.

Ẹbí tó bá fẹ́ bá ìjọba fa ọ̀rọ̀ igbó kan ní láti padà síbi ìkéde àkọ́kọ́ yẹn, kí wọ́n wo ẹni tó yọjú àti ohun tó sọ. Ẹ̀yin tó ń wá àkọlé fún iṣẹ́ àṣekágbá, àwọn fáìlì ìjọba amúnisìn wà ní Ilé Àkójọ Ìwé Ìjọba inú ọgbà Yunifásítì Ìbàdàn.