Ilẹ̀ Bọ́ Sí Wọn Lọ́wọ́, Ẹnu Wọn Yí Padà

Bí ẹ bá ti Ajara rìn wọ Àgbádárìgì, ẹ ó rí ilé pẹ̀tẹ́ẹ̀sì tí àwọn míṣọ́nnárì kọ́ parí ní 1845. Ọdún yẹn náà ni Àjàyí Crowther bá wọn gúnlẹ̀ síbẹ̀. Òyìnbó ti ń kẹ́gàn wa tẹ́lẹ̀ o. Ṣebí èbúté ẹrú ni ibẹ̀. Ṣùgbọ́n ibà ń pa wọ́n, wọn ò sì gbọ́ èdè wa. Wọ́n nílò Crowther, wọ́n sì fi í jẹ bíṣọ́ọ̀bù ní 1864.

Gẹ̀ẹ́sì gba Èkó ní 1861, ó gba Àgbádárìgì ní 1863. Nígbà tí wọ́n ṣèpàdé lórí Áfíríkà ní Berlin, láàrin 1884 sí 1885, aláwọ̀ dúdú kan ò jókòó níbẹ̀.

Ní 1890, àwọn ọ̀dọ́ míṣọ́nnárì òyìnbó ń dá àwọn òṣìṣẹ́ Crowther dúró lójú rẹ̀ ní Odò Ọya. Ó kú ní 1891. Òyìnbó ni wọ́n fi rọ́pò rẹ̀. Ní 1902, ìjọba Gẹ̀ẹ́sì dá ẹgbẹ́ dókítà sílẹ̀ fún Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà: aláwọ̀ dúdú ò gbọdọ̀ wọ̀ ọ́, ì báà gbàwé ẹ̀rí ní ìlú wọn.

Kí ló yí padà lára wa? Kò sí. Ilẹ̀ ló bọ́ sí wọn lọ́wọ́. Nítorí náà, bí ẹnìkan bá ń kẹ́gàn ìran kan lónìí, ẹ kọ́kọ́ bi í pé: kí ló fẹ́ gbà lọ́wọ́ wọn?