Aṣálẹ̀ Arrakis Kọ́ Ló Bí Ekòló Rẹ̀

Bi ẹni tó wo sinimá Dune ti 2021, tàbí èyí tó tẹ̀ lé e ní 2024, léèrè ohun tí ekòló ràbàtà inú iyanrìn Arrakis, pílánẹ́ẹ̀tì inú ìtàn náà, ń jẹ. Yóò ní ìró ni. Bi í léèrè ibi tí ekòló náà ti wá, yóò ní aṣálẹ̀ ló bí i: ilẹ̀ gbẹ, iyanrìn pọ̀, ẹ̀dá tó bá irú ilẹ̀ bẹ́ẹ̀ mu sì yọ jáde. Ìdáhùn àkọ́kọ́ ní àléébù díẹ̀. Èkejì dorí kodò pátápátá, òun gan-an ni mo sì bá wá.

Ẹ jẹ́ ká tètè yanjú ti ìró. Nínú ìwé Dune tí Frank Herbert, ará Amẹ́ríkà, tẹ̀ jáde ní 1965, èyí tí wọ́n fi ṣe sinimá náà, àwọn ẹ̀dá wẹ́wẹ́ inú iyanrìn ni oúnjẹ ekòló. Ìró tó ń dún léraléra, tó ní ìwọ̀n bí ìlù, kàn ń pè é wá ni. Ìdí nìyẹn tí àwọn Fremen, àwọn ọmọ ibẹ̀, fi ń rìn ségesège: wọ́n á gbé ẹsẹ̀ kan, wọ́n á wọ́ èkejì, wọ́n á dúró díẹ̀, kí ìró ìrìn wọn lè dà bíi ti iyanrìn tó kàn ń yẹ̀ fúnra rẹ̀. Bí wọ́n bá sì fẹ́ gun ekòló, wọ́n á ri ọ̀pá kan mọ́lẹ̀ tí ẹ̀rọ inú rẹ̀ ń lu ilẹ̀ gbì, gbì, gbì, òun náà á sì jẹ́ ìpè. Ekòló kọ̀ọ̀kan ló ní ààlà tirẹ̀. Àmọ́ bí ẹnìkan bá tan asà alágbára tí àwọn ọmọ ogun ń lò sára, gbogbo wọn á gbàgbé ààlà, wọ́n á ti ọ̀nà jíjìn sáré wá kọlù ú. Èyí kì í ṣe ebi. Ìbínú onílẹ̀ ni.

Onílẹ̀ wo, ná? Àlejò ni. Children of Dune, ìwé Herbert mìíràn tó jáde ní 1976, sọ ọ́ láìfi bò: ibòmíràn ni wọ́n ti gbé irú ekòló náà dé Arrakis, nígbà tí omi ṣì wà níbẹ̀. Ẹni tó bá mọ̀ pé májèlé ni omi jẹ́ fún ekòló yóò ní irọ́ ni. Báwo ni ohun tí omi ń pa ṣe gúnlẹ̀ sórí ilẹ̀ olómi? Ọmọ rẹ̀ ló gúnlẹ̀. Ọmọ náà rí pẹlẹbẹ bí awọ, ọ̀rinrin ló sì máa ń wá kiri. Àwọn ọmọdé Fremen a máa tàn án jáde, wọ́n á nà án títí á fi bo ọwọ́ wọn bí ìbọ̀wọ́, wọ́n á sì máa lá oje dídùn tó ń sun lára rẹ̀. Ohun ìṣeré yìí kan náà ló ń so mọ́ ẹgbẹ́ rẹ̀ lábẹ́ ilẹ̀, tí wọ́n jọ ń ká omi mọ́. Bí wọ́n ṣe ń pọ̀ sí i ni omi ń tán lójú ilẹ̀, ìgbà tí ilẹ̀ sì gbẹ tó ni wọ́n tó rí àyè dàgbà di ekòló.

Àwọn kan lè ní Herbert kàn wá lẹ èyí mọ́ ìtàn rẹ̀ nígbà tó yá ni. Kí wọ́n padà sí ìwé ti 1965. Ibẹ̀ la ti gbọ́ nípa àwọn tó gbẹ́ kànga sínú àfonífojì aṣálẹ̀: omi sun díẹ̀, ó dín kù, ó dá, kò sì sun mọ́ láé, bí ẹni pé nǹkan kan wà nísàlẹ̀ tó dí ojú rẹ̀. Ibẹ̀ náà ni wọ́n ti rí pẹ̀tẹ́lẹ̀ iyọ̀. Iyọ̀ kì í dédé tẹ́ sílẹ̀ lọ rẹrẹ bẹ́ẹ̀ bí kò bá sí omi tó gbẹ lórí rẹ̀. Ẹ̀rí ti wà nílẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀. Àwa òǹkàwé la sáré kọjá rẹ̀, bóyá nítorí ogun àti oyè dùn ún kà ju kànga lọ.

Wọ́n tún máa ń ní Sàhárà ló fún Herbert ní èrò ìwé náà. Kò rí bẹ́ẹ̀. Òkìtì iyanrìn etíkun Oregon ní Amẹ́ríkà, lẹ́bàá ìlú Florence, ló lọ wò ní 1957, níbi tí ìjọba ti ń gbin koríko kí iyanrìn má bàa bo ọ̀nà. Yúróòpù ni wọ́n ti gbé koríko ọ̀hún wá. Ó ràn, ó yí etíkun náà padà, débi pé iṣẹ́ ńlá ló dà lónìí láti fà á tu. Èrò tèmi ni pé ẹni tó fojú rí irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ kò ní ṣaláì mọ̀ pé ohun tí a gbé wá láti ibòmíràn lè sọ ilẹ̀ di tirẹ̀.

Ọ̀rọ̀ yìí ló tún ìtàn Pardot Kynes ṣe lójú mi. Òun ni onímọ̀ inú ìwé ti 1965 tó fẹ́ kí koríko hù ní Arrakis. Bí omi bá ti wà níbẹ̀ rí, kò ba ilẹ̀ náà jẹ́; ó fẹ́ dá a padà sí bó ṣe wà ni. Àmọ́ èémí tí gbogbo ènìyàn ń mí níbẹ̀, ara ekòló ló ti ń jáde. Ìwé náà ṣírò pé ekòló tó gùn tó mítà 200 ń tú afẹ́fẹ́ tó dára sílẹ̀ bíi ti ewéko tó bo kìlómítà 10 níbùú lóròó. Ìgbésí ayé rẹ̀ náà ló ń mú melange jáde, èyí tí àwọn atukọ̀ òfurufú kò lè ríran mọ ọ̀nà láìlò ó. Bí omi bá padà, àlejò á kú. Bí àlejò bá kú, ọkọ̀ kankan ò ní mọ ọ̀nà mọ́ láàárín àwọn ìràwọ̀.