Ọdẹ Eshobi àti Òǹkọ̀wé Jersey: Iṣẹ́ Gerald Durrell nínú Igbó Kìjikìji

Ní ìparí ọdún 1947, ọ̀dọ́mọkùnrin Gẹ̀ẹ́sì kan tí í ṣe ọmọ ọdún méjìlélógún bá ọkọ̀ òkun dé etíkun Kamẹrúùnù. Gerald Durrell ni orúkọ rẹ̀. John Yealland, onímọ̀ nípa ẹyẹ, ni wọ́n jọ rin ìrìn-àjò náà. Owó tí Durrell fi rìn kì í ṣe owó ìjọba tàbí ti yunifásítì. Ogún baba rẹ̀ ni, 3,000 pọ́n-ùn. Ohun tí ó bá wá kò ṣòro láti sọ: ó fẹ́ kó ẹranko igbó láàyè, kí ó kó wọn lọ sí ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, kí ó sì tà wọ́n fún àwọn ọgbà ẹranko. Ṣùgbọ́n nígbà tí ó kú ní 1995, aláàbò ẹranko ni gbogbo ayé mọ̀ ọ́n sí. Bí ẹni tí ń ta ẹranko ṣe di ẹni tí ń dáàbò bò wọ́n ni àròkọ yìí fẹ́ yẹ̀ wò, pẹ̀lú ipa tí àwọn ọdẹ ilẹ̀ wa kó nínú rẹ̀, èyí tí a kì í sábà rántí.

Kò yẹ kí ó ṣòro fún àwa tí a ń gbé Lomé láti mọ irú ilẹ̀ tí ọmọkùnrin yìí gúnlẹ̀ sí. Tógò àti Kamẹrúùnù jọ wà lábẹ́ àwọn Jámánì títí Ogun Àgbáyé Kìíní fi dé. Lẹ́yìn ogun náà, Faransé àti Gẹ̀ẹ́sì pín ilẹ̀ méjèèjì mọ́ ara wọn lọ́wọ́. Gẹ̀ẹ́sì so apá tirẹ̀ nínú Kamẹrúùnù mọ́ Nàìjíríà, ó sì ń ṣàkóso wọn pọ̀ fún ọ̀pọ̀ ọdún. Ní 1961 ni àwọn ará àríwá dìbò láti bá Nàìjíríà lọ, tí àwọn ará gúúsù sì dìbò láti bá Kamẹrúùnù lọ. Mamfe, ìlú tí Durrell forí lé, wà ní apá gúúsù yìí, lẹ́bàá odò Cross, nítòsí ààlà Nàìjíríà. Igbó kìjikìji ni ó yí i ká.

A bí Durrell ní Jamshedpur, ní ilẹ̀ Íńdíà, ní ọjọ́ 7 oṣù Kìíní ọdún 1925. Baba rẹ̀, tí í ṣe ẹnjiníà, kú ní 1928, ìyá rẹ̀ sì kó àwọn ọmọ lọ sí ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Láti 1935 títí di 1939, wọ́n gbé ní Corfu, erékùṣù kan ní ilẹ̀ Gíríìsì. Ọmọ náà kò fi bẹ́ẹ̀ jókòó ní kíláàsì. Dókítà Theodore Stephanides ni ó ń mú un rìn ní pápá àti ní etí omi, tí ó ń fi kòkòrò, ẹja àti ewéko hàn án. Èmi tí mo ń jẹun nídìí iṣẹ́ olùkọ́ kò lè sọ pé inú mi dùn sí àìlọ sílé-ìwé rẹ̀, ṣùgbọ́n n kò lè sẹ́ pé ó rí olùkọ́ gidi. Lẹ́yìn Ogun Àgbáyé Kejì, ó ṣiṣẹ́ ìtọ́jú ẹranko díẹ̀ ní ọgbà Whipsnade kí ó tó dágbére fún ilé.

Abúlé Eshobi, nítòsí Mamfe, jẹ́ ọ̀kan nínú ibi tí ó pàgọ́ sí. Ìwé púpọ̀ ni ó ti kà kí ó tó dé, ṣùgbọ́n ìwé kò lè mú un dé ìdí igi tí ẹranko sá sí. Àwọn ọdẹ méjì, Elias àti Andraia, ni wọ́n ń ṣíwájú rẹ̀ nínú igbó. Àwọn ni wọ́n mọ ihò tí ó ní ẹran nínú àti èyí tí ó ṣófo. Wọ́n mọ igi oníhò tí a lè fín èéfín sí kí ohun tí ó wà nínú rẹ̀ jáde. Wọ́n mọ ẹran ọ̀sán yàtọ̀ sí ẹran òru. Nínú ohun tí ó kó dé ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ni angwantibo wà, ẹranko kékeré olójú ńlá tí ń gun igi lóru, tí ó ṣọ̀wọ́n púpọ̀ ní Yúróòpù nígbà náà. Ní 1953 ni ìwé rẹ̀ àkọ́kọ́ jáde, The Overloaded Ark. Ọkọ̀ Nóà tí ẹrù rẹ̀ ti pọ̀ jù ni ìtumọ̀ orúkọ náà. Orúkọ Elias àti Andraia wà nínú rẹ̀, pẹ̀lú èdè Píjìn tí wọ́n fi ń bá a sọ̀rọ̀.

Ní 1949 ó padà wá, ó sì gòkè lọ sí Bafut, ìlú olókè tí koríko pọ̀ sí. Ọba ìlú náà, tí wọ́n ń pè ní Fon, ni Achirimbi Kejì. Kábíyèsí gbà á ní àlejò, wọ́n fún un ní ilé, wọ́n sì ní kí àwọn ọdẹ ìlú ràn án lọ́wọ́. Àwọn ọdẹ yìí àti ajá wọn ni ó fi sọ orúkọ ìwé rẹ̀ ti 1954, The Bafut Beagles. Wọ́n bá a mú ọ̀pọ̀lọ́ onírun, tí akọ rẹ̀ máa ń ní ohun tí ó dà bí irun ní ẹ̀gbẹ́ àti itan.

Mo gbọ́dọ̀ sọ ohun tí ìwé náà fi ń dùn mí. Durrell bọ̀wọ̀ fún Kábíyèsí, ó sì fẹ́ràn wọn. Ṣùgbọ́n ọtí àti ijó ni òǹkàwé Yúróòpù máa kọ́kọ́ rántí nípa ọba kan tí ó jókòó lórí ìtẹ́ fún ọ̀pọ̀ ọdún láàárín ìṣàkóso àjèjì. Durrell fúnra rẹ̀ jẹ́wọ́ pé àyà òun já nígbà tí òun fẹ́ padà lọ ní 1957, kí inú ọba má baà bàjẹ́ sí ohun tí òun kọ. Kábíyèsí kò bínú. Wọ́n tún gbà á tọwọ́ tẹsẹ̀.

Ìrìn-àjò 1957 yẹn ni ó yí ọ̀nà padà. Durrell ti rí i pé àwọn ọgbà ẹranko ìgbà náà fẹ́ ohun tí èrò yóò wò. Bí ẹran kan bá kú, wọ́n á ra òmíràn, igbó ni yóò san owó rẹ̀. Nítorí náà kò ta àwọn tí ó kó bọ̀ mọ́. Kò ní ibi tí yóò kó wọn sí. Ọgbà ẹ̀yìnkùlé ilé ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin ní Bournemouth ni ó kọ́kọ́ kó wọn sí. Ìwé A Zoo in My Luggage, tí ó jáde ní 1960, ni ó sọ ìtàn náà. Ní ọjọ́ 26 oṣù Kẹta ọdún 1959, ó ṣí ọgbà tirẹ̀ ní Jersey, erékùṣù tí ó súnmọ́ etíkun Faransé ju ti Gẹ̀ẹ́sì lọ. Ní 1963 ó sọ ọ́ di àjọ aláàánú, ó sì fi dodo ṣe àmì rẹ̀, ẹyẹ erékùṣù Mauritius tí ènìyàn pa run tán.

Èrò rẹ̀ rọrùn láti sọ, ó sì ṣòro láti ṣe: kí ọgbà ẹranko máa bí àwọn tí ìran wọn fẹ́ parun, kí a sì dá ọmọ wọn padà sí igbó. Ní 1965 ó lọ sí ilẹ̀ Sàró, èyí tí à ń pè ní Sierra Leone, ó kó edun wá láti ibẹ̀. Kò sí Yorùbá tí kò mọ edun, nítorí oríkì ìbejì ni. Ní Mauritius, ẹyẹlé aláwọ̀ osùn ibẹ̀ kù nǹkan bí mẹ́wàá péré nínú igbó ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 1990; lónìí wọ́n ti di ọgọ́rọ̀ọ̀rún, àjọ rẹ̀ sì wà lára àwọn tí ó ṣe iṣẹ́ náà. Ó tún dá ilé ẹ̀kọ́ sílẹ̀ ní Jersey, kí àwọn ọmọ ilẹ̀ tí ẹranko náà wà lè kọ́ iṣẹ́ yìí, kí wọ́n sì padà sílé lọ ṣe é. Lójú tèmi, èyí ni ó tóbi jù nínú iṣẹ́ rẹ̀. Igi kan kì í dá igbó ṣe, ọgbà kan ní erékùṣù kò sì lè ṣọ́ igbó gbogbo ayé.

Ẹ jẹ́ kí á rántí pé ní 1938, ọdún mẹ́sàn-án kí Durrell tó dé Mamfe, D. O. Fágúnwà ti tẹ Ògbójú Ọdẹ nínú Igbó Irúnmọlẹ̀ jáde. Nínú ìwé yẹn, ọdẹ ni ó ni ìtàn. Àkàrà-oògùn bẹ òǹkọ̀wé pé kí ó bá òun kọ ọ́ sílẹ̀. Ní Eshobi, ọdẹ ni ó ni ìmọ̀, ṣùgbọ́n àlejò ni ó ni ìwé. A mọ ọjọ́ tí wọ́n bí Durrell àti ọjọ́ tí ó kú. Ohun tí a mọ̀ nípa Elias àti Andraia kò kọjá ohun tí ó kọ. Èyí kì í ṣe ẹ̀bi rẹ̀ nìkan. Ó kọ tirẹ̀. Àwa ni a kò kọ tiwa.

Ọ̀rọ̀ náà kò sì jìnnà sí ilé. Ní àríwá Mamfe, igbó Takamanda di ọgbà ìjọba ní 2008 nítorí gòrílà odò Cross, tí gbogbo wọn ní ayé kò tó 300. Ní Tógò níbí, ọdọọdún ni a ń kó erè tí Faransé ń pè ní python royal lọ sí òkè òkun láàyè, kí àwọn ènìyàn lè máa sìn wọ́n nílé. Òfin àgbáyé CITES, tí ó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní 1975, ń ṣọ́ òwò náà. Àwọn àgbẹ̀ àti ọdẹ abúlé ni wọ́n mọ ihò tí erè ń yé ẹyin sí, bí Elias ti mọ ti ẹran Eshobi. Bí erè bá ń dínkù lóko wọn, àwọn ni yóò kọ́kọ́ mọ̀. Ta ni ń bi wọ́n?

Ní 1999, ọdún mẹ́rin lẹ́yìn ikú Durrell, àjọ Jersey gba orúkọ rẹ̀. Ó tọ́ sí i. Ṣùgbọ́n ẹ̀bẹ̀ mi sí àwọn òbí tí ń ka ìwé ìròyìn yìí ni pé, nígbà tí àwọn ọmọ bá lọ lo ọlidé lọ́dọ̀ àwọn ìyá àgbà ní Atakpamé tàbí Kpalimé, kí wọ́n fún wọn ní ìwé àjákọ kan. Kí ọmọ náà wá ọdẹ àgbà kan lọ, kí ó kí i dáadáa, kí ó béèrè ẹran tí ó máa ń rí nígbà èwe rẹ̀ tí kò rí mọ́. Kí ó kọ orúkọ ẹran náà ní Ifẹ̀, ní Ewé àti ní Faransé. Kí ó sì kọ orúkọ ọdẹ náà sókè ìwé kí ó tó kọ tirẹ̀.