Ọlá Balógun: Aṣefíìmù Láàrin Nàìjíríà àti Bràsíìlì

Bí a bá ń sọ ìtàn fíìmù Yorùbá, àwọn ọ̀gá ẹgbẹ́ eré orí ìtàgé ni a sábà máa ń kọ́kọ́ dárúkọ: Hubert Ògúndé, Adé Fọláyan tí gbogbo ayé mọ̀ sí Adé Love, àti Moses Ọláìyá Adéjùmọ̀ tí í ṣe Bàbá Sàlá. Kì í ṣe gbogbo ènìyàn ni ó ń rántí pé ẹnì kan náà ni ó darí fíìmù fún àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta. Ọlá Balógun ni ẹni náà. Òun kan náà ni ó kọjá sí Bràsíìlì láti lọ gbé fíìmù jáde nípa ìbátan tí òwò ẹrú pín níyà. Iṣẹ́ rẹ̀ ní ilẹ̀ méjèèjì fi hàn pé ọ̀tọ̀ ni kí fíìmù so orílẹ̀-èdè méjì pọ̀, ọ̀tọ̀ ni kí àwọn ènìyàn inú wọn rí i wò.

Ìlú Aba ni wọ́n bí Balógun sí ní 1945, ṣùgbọ́n Yorùbá ni àwọn òbí rẹ̀. Ilé ẹ̀kọ́ IDHEC ní Paris ni ó ti kọ́ iṣẹ́ fíìmù, ó sì gbé Alpha jáde ní 1972. Ní Nàìjíríà, ó ṣiṣẹ́ ní Yunifásítì Ilé-Ifẹ̀, ó sì dá ilé-iṣẹ́ tirẹ̀, Afrocult Foundation, sílẹ̀. Ní 1975, ó ṣe Amadi ní èdè Ìgbò. Ní 1976, òun àti Dúró Ládiípọ̀ pawọ́ pọ̀ ṣe Àjàní Ògún, Adé Fọláyan sì ni ọ̀dọ́mọkùnrin ọdẹ tí ó bá olóṣèlú oníwà ìbàjẹ́ jà nínú rẹ̀. Èrò wọ́ tìrítìrí lọ wò ó, nítorí èdè wọn ni wọ́n gbọ́, àwọn òṣèré tí wọ́n mọ̀ lójú ìtàgé ni wọ́n sì rí.

Ní 1977, ayẹyẹ FESTAC kó àwọn aláwọ̀ dúdú àgbáyé jọ sí Èkó, àwọn ará Bràsíìlì sì wà lára wọn. Wọn kì í ṣe àjèjì pátápátá. Ogun abẹ́lé ilẹ̀ Yorùbá ti sọ ọ̀pọ̀lọpọ̀ di ẹrú ní Bahia. Àwọn kan nínú wọn padà wá sí Èkó ní sẹ́ńtúrì kọkàndínlógún, àdúgbò Pópó Àgùdà sì jẹ́ ẹ̀rí wọn títí di òní. Àwọn tí wọn kò padà kò fi Yemọja, Ògún àti Ọ̀ṣun sílẹ̀, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé 1888 ni òfin tó fòpin sí oko ẹrú níbẹ̀.

Lórí ìtàn yìí ni Balógun gbé A Deusa Negra (1978) kà, pẹ̀lú àjọṣe Embrafilme, ilé-iṣẹ́ fíìmù ìjọba Bràsíìlì. Nínú rẹ̀, Babátúndé ṣèlérí fún bàbá rẹ̀ tó wà lórí àkéte ikú pé òun yóò gbé ère Yemọja kan lọ sí Bràsíìlì láti wá àwọn ìbátan tí wọ́n sọnù. Àwọn òṣèré adúláwọ̀ Bràsíìlì, bíi Zózimo Bulbul, Sonia Santos àti Léa Garcia, kópa nínú rẹ̀. Garcia ti wà nínú Orfeu Negro (1959), tí Marcel Camus, ọmọ ilẹ̀ Faransé, darí. Ní ọ̀tẹ̀ yìí, kì í ṣe òyìnbó ni ó ń wo adúláwọ̀ Bràsíìlì bí nǹkan ìran. Ọmọ ilé ni ó wá bèèrè ará ilé.

Ṣùgbọ́n èdè Potogí ni ó gbilẹ̀ nínú fíìmù náà. Ará Ìbàdàn tàbí Òṣogbo tí ó gbádùn Àjàní Ògún kò lè bá a ṣe gbólóhùn-ún-gbólóhùn. Ọ̀rọ̀ ọjà tún wà níbẹ̀. Lọ́wọ́ àwọn oníṣòwò tí ń kó fíìmù Amẹ́ríkà àti Íńdíà wọlé ni ọ̀pọ̀ gbọ̀ngàn sinimá wà. Láti yẹra fún wọn, àwọn ọ̀gá ẹgbẹ́ eré a máa gbé fíìmù wọn láti ìlú dé ìlú, wọn a háyà gbọ̀ngàn, wọn a sì dúró ti ilẹ̀kùn gba owó fúnra wọn. Fíìmù A Deusa Negra kò ní irú ẹgbẹ́ bẹ́ẹ̀ lẹ́yìn.

Kò yani lẹ́nu, nígbà náà, pé ọ̀dọ̀ àwọn ọ̀gá yìí ni Balógun tún ti ṣe iṣẹ́ tí ó tàn ká jùlọ nílé: Ìjà Òmìnira fún Adé Fọláyan, Ayé fún Ògúndé, àti Ọ̀run Móoru fún Bàbá Sàlá ní 1982. Síbẹ̀, ọ̀nà yìí náà ní ẹ̀gún. Àwọn olè ṣe àdàkọ Ọ̀run Móoru sórí kásẹ́ẹ̀tì fídíò, gbèsè ńlá sì wọ ọrùn Bàbá Sàlá. Òkè òkun ni wọ́n ti ń fọ fíìmù aláwọ̀. Nígbà tí náírà já wálẹ̀ láti 1986, owó rẹ̀ kọjá agbára ọ̀pọ̀ aṣefíìmù, fídíò sì gba ipò rẹ̀.

Ohun tí a rí kọ́ ni pé àdéhùn ìjọba àti ilé-iṣẹ́ lè bí fíìmù, ṣùgbọ́n èdè àti gbọ̀ngàn ni í tọ́ ọ dàgbà. Babátúndé inú fíìmù rí ìbátan rẹ̀ lókè òkun. Àwọn ará ilé tí ó rán an níṣẹ́ ni ìròyìn náà kò tíì dé ọ̀dọ̀ wọn tán. Fíìmù tí ó bá tún fẹ́ rin ìrìn náà ní láti mú èdè Yorùbá dání ní àlọ àti ní àbọ̀.